Ẹ̀rí Inú Ẹ̀jẹ̀: Ìmọ̀ àti Ìgbàgbọ́ Nínú Àyẹ̀wò Scleroderma

Scleroderma ni àrùn tó ń mú kí awọ ara le. Ọ̀rọ̀ Gíríìkì méjì ló bí orúkọ náà: èkíní ni "líle", èkejì ni "awọ". Èyí tí kò bá mọ sí awọ nìkan, tó wọnú lọ bá ẹ̀dọ̀fóró, kíndìnrín, ọkàn àti ọ̀nà ọ̀fun, òun ni àwọn dókítà ń pè ní systemic sclerosis. Nínú àrùn yìí, ara aláìsàn fúnra rẹ̀ ló ń bá ara rẹ̀ jà. Kòkòrò tó ń jẹ obì, inú obì ló wà. Ara a máa ṣe áńtíbọ́dì, èròjà inú ẹ̀jẹ̀ tó yẹ kó máa gbógun ti àlejò búburú. Lára ẹni tó ní àrùn yìí, àwọn áńtíbọ́dì kan a kẹ̀yìn sí àlejò, wọ́n a máa lẹ̀ mọ́ ohun tó wà nínú sẹ́ẹ̀lì onílé. Inú ẹ̀jẹ̀ ni wọ́n wà, nítorí náà wọ́n ṣeé wá nínú ẹ̀jẹ̀.

Ìbéèrè tó wà nídìí àyẹ̀wò náà ṣòro ju àyẹ̀wò fúnra rẹ̀ lọ. Bí wọ́n bá rí áńtíbọ́dì yìí, kí ni ẹni tó ka èsì mọ̀ gan-an? Ṣé àrùn ló rí, àbí àmì àrùn? Bí awọ kò bá tíì le, tí èémí ń lọ tó ń bọ̀ dáadáa, ṣé aláìsàn ni ẹni tí wọ́n fa ẹ̀jẹ̀ rẹ̀?

Kí àyẹ̀wò ẹ̀jẹ̀ tó dé, ojú dókítà àti ìka ọwọ́ rẹ̀ ló ń dá àrùn yìí mọ̀. Ní 1753, Carlo Curzio, dókítà kan ní ìlú Naples ní Ítálì, kọ̀wé nípa ọmọbìnrin ọdún 17 kan tí awọ ara rẹ̀ le, tó fún mọ́ ọn lẹ́nu àti lọ́rùn. Ara ọmọ náà padà yá, ìyẹn ló sì fà á tí àwọn onímọ̀ kan lẹ́yìn ìgbà náà fi ń ṣiyèméjì bóyá scleroderma ni lóòótọ́. Élie Gintrac ní ilẹ̀ Faransé ló sọ àrùn náà lórúkọ ní 1847. Ní 1862, Maurice Raynaud, ará Faransé bákan náà, ṣàpèjúwe ìka ọwọ́ tó ń yí àwọ̀ padà bí òtútù bá fẹ́ sí i: á funfun, á dà bí aró, lẹ́yìn náà á pọ́n. Ọ̀ràn ìka yìí sábà máa ń ṣáájú scleroderma, nígbà mìíràn pẹ̀lú ọ̀pọ̀ ọdún. Àmọ́ awọ òyìnbó ni àwọn tó kọ́kọ́ kọ ọ́ sílẹ̀ ń wò. Lára aláwọ̀ dúdú, ìyípadà náà kì í hàn ketekete. Ẹnu aláìsàn ni dókítà ti máa ń gbọ́ ọ, pé ìka òun tutù, ó kú, ó sì ń ta òun. Ojú pàápàá ní ibi tó ti kọ́ ìwò.

Àyẹ̀wò tí wọ́n sábà máa ń kọ́kọ́ ṣe ni èyí tí wọ́n ń pè ní ANA. Wọ́n á fa ẹ̀jẹ̀, wọ́n á jẹ́ kó dì, wọ́n á sì bu omi tó bá yọ lójú rẹ̀. Wọ́n á bomi là á títí yóò fi di ìdá kan nínú 40, nínú 80, nínú 160, kí wọ́n lè mọ bí áńtíbọ́dì inú rẹ̀ ṣe pọ̀ tó. Lẹ́yìn èyí ni wọ́n á kán an sórí gíláàsì pẹlẹbẹ tí sẹ́ẹ̀lì ènìyàn ti wà lórí rẹ̀. Áńtíbọ́dì tó bá ń wá kóró sẹ́ẹ̀lì yóò lẹ̀ mọ́ ọn. Wọ́n á ṣan ìyókù dànù, wọ́n á da èròjà mìíràn sí i, èyí tó ń lẹ̀ mọ́ áńtíbọ́dì ènìyàn, tó sì ń tàn yòò bí ewé tútù lábẹ́ iná máíkírósíkóòpù. Albert Coons ní Amẹ́ríkà ló bẹ̀rẹ̀ ọgbọ́n fífi iná sí áńtíbọ́dì lára yìí ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1940. George Friou ló lò ó fún kóró sẹ́ẹ̀lì ní 1957. Ìmọ́lẹ̀ ni ẹni tó wà nídìí máíkírósíkóòpù rí. Kò rí awọ líle, áńtíbọ́dì gan-an kò hàn sí i. Láti ara ìmọ́lẹ̀ ló ti ń méfò dé ọ̀dọ̀ áńtíbọ́dì, láti ọ̀dọ̀ áńtíbọ́dì dé ọ̀dọ̀ àrùn.

Sẹ́ẹ̀lì orí gíláàsì yẹn náà ní ìtàn tirẹ̀. HEp-2 ni wọ́n ń pè é. Ní 1952 tí wọ́n kọ́kọ́ gbé e jáde, ohun tí wọ́n sọ ni pé láti ara jẹjẹrẹ ọ̀nà ọ̀fun ẹnìkan ló ti wá. Ìwádìí tó tẹ̀lé e fi hàn pé HeLa ni, sẹ́ẹ̀lì Henrietta Lacks, obìnrin adúláwọ̀ ará Amẹ́ríkà tí jẹjẹrẹ ẹnu ilé-ọmọ pa ní Baltimore ní 1951. Láìbéèrè lọ́wọ́ rẹ̀ ni wọ́n ti mú sẹ́ẹ̀lì náà. Ó lágbára débi pé ó ń wọ inú àwo tí wọ́n ti ń tọ́jú sẹ́ẹ̀lì ẹlòmíràn, á gba ilé lọ́wọ́ onílé, orúkọ onílé á sì kù lára àwo. Àyẹ̀wò tó ń béèrè bóyá ara ṣì mọ onílé yàtọ̀ sí àlejò, orí sẹ́ẹ̀lì àlejò tó ń jẹ́ orúkọ onílé ni wọ́n ti ń ṣe é káàkiri ayé. Èyí kò ba èsì jẹ́ rárá, nítorí ohun tó wà nínú kóró sẹ́ẹ̀lì ènìyàn kan kò yàtọ̀ sí ti èkejì ní ibi tí àyẹ̀wò yìí ń wò.

Èdè Yorùbá ní irinṣẹ́ tó mú fún irú ọ̀rọ̀ báyìí. Ní 1986, Barry Hallen àti J. Olubi Sodipo, tí wọ́n jọ ṣe olùkọ́ ní Yunifásítì Ifẹ̀, tẹ ìwé kan jáde lórí ìjíròrò wọn pẹ̀lú àwọn oníṣègùn nípa ọ̀rọ̀ méjì, "mọ̀" àti "gbàgbọ́". Ohun tí àwọn oníṣègùn náà là yé wọn ni pé ohun tí ènìyàn bá fi ojú ara rẹ̀ rí, tí ọkàn rẹ̀ sì jẹ́rìí sí, òun ló lè sọ pé òun mọ̀. Ohun tó bá gbọ́ lẹ́nu ẹlòmíràn, ìbáà jẹ́ àgbà ló sọ ọ́, ìbáà jẹ́ inú ìwé ló wà, ó gbà á, ó gbọ́ ọ ni. Ìgbàgbọ́ nìyẹn. Kò túmọ̀ sí pé irọ́ ni. Bí wọ́n bá dán an wò tó sì jẹ́ bẹ́ẹ̀, ó di ìmọ̀ fún ẹni tó dán an wò.

Bí wọ́n bá fi òṣùwọ̀n yìí wọn àyẹ̀wò ẹ̀jẹ̀, ohun tó yọ jáde yani lẹ́nu díẹ̀. Òṣìṣẹ́ láàbù mọ̀ pé ìmọ́lẹ̀ tàn, torí ó rí i. Dókítà tó gba ìwé èsì kò rí ìmọ́lẹ̀ kankan; ó gba ti òṣìṣẹ́ láàbù gbọ́. Aláìsàn gba ti dókítà gbọ́. Ẹni kan ṣoṣo tó fi ojú rí nǹkan nínú gbogbo wọn ni ẹni tí kò fojú kan aláìsàn rí. Dókítà tó di ìka ọwọ́ aláìsàn mú, tó gbìyànjú láti fi àtàǹpàkò àti ìka ìlábẹ̀ gbá awọ rẹ̀ jọ tí kò ṣeé gbá jọ, òun náà mọ nǹkan kan. Ọ̀rọ̀ àwọn méjèèjì ní láti pàdé kí ẹjọ́ tó ṣeé dá. Kò yani lẹ́nu pé "rí" ló wà nídìí "ẹ̀rí": ẹni tó jẹ́rìí ni ẹni tó rí. Ìwé láàbù, ọ̀rọ̀ ẹlẹ́rìí tí kò sí nílé ẹjọ́ ni.

Ẹlẹ́rìí náà kì í ṣe ẹyọ kan. ANA kàn ń sọ pé áńtíbọ́dì kan wà tó ń dójú kọ kóró sẹ́ẹ̀lì. Èwo ni, ó di àyẹ̀wò mìíràn. Mẹ́ta ló lórúkọ jù nínú scleroderma. Èkíní ni Scl-70, tí Angeline Douvas àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ kọ̀wé nípa rẹ̀ ní 1979. Ìwọ̀n purotéènì tí áńtíbọ́dì náà ń lẹ̀ mọ́ ni 70 yẹn dúró fún, àmọ́ àfọ́kù purotéènì ni wọ́n wọ̀n. Odindi rẹ̀ tó nǹkan bí 100. Ní 1986 ni ó hàn pé topoisomerase I ni, òṣìṣẹ́ inú sẹ́ẹ̀lì tó máa ń tú DNA nígbà tó bá lọ́ jù bí okùn. Orúkọ àfọ́kù ṣì wà lórí ìwé èsì títí di òní. Ẹni tó bá ní áńtíbọ́dì yìí, ẹ̀dọ̀fóró rẹ̀ ni wọ́n máa ń ṣọ́.

Èkejì ni ti centromere, ojúkò tí sẹ́ẹ̀lì fi ń fa kúrómósómù rẹ̀ ya nígbà tó bá ń pín sí méjì. Ọdún 1980 ni wọ́n tó kọ̀wé nípa rẹ̀, ìdí rẹ̀ sì dùn ún gbọ́. Ṣáájú ìgbà náà, ẹ̀dọ̀ tàbí kíndìnrín eku ni wọ́n máa ń gé pẹlẹbẹ sórí gíláàsì, sẹ́ẹ̀lì irú ibẹ̀ kì í sì sábà pín. Ìgbà tí wọ́n fi HEp-2 tó ń pín kíákíá rọ́pò rẹ̀ ni àwọn ojúkò náà yọ, wínníwínní, bí ìràwọ̀. Áńtíbọ́dì náà ti wà nínú ẹ̀jẹ̀ àwọn aláìsàn látọjọ́ pípẹ́. Gíláàsì ni kò fún un láàyè láti sọ̀rọ̀. Awọ líle ẹni tó ní irú èyí sábà máa ń mọ sí ọwọ́, ẹsẹ̀ àti ojú, ṣùgbọ́n ẹ̀jẹ̀ ríru inú iṣan ẹ̀dọ̀fóró lè yọ sí i lẹ́yìn ọdún púpọ̀. Ẹ̀kẹta, ti RNA polymerase III, ń kìlọ̀ nípa kíndìnrín. Ẹni tó ní in gbọ́dọ̀ máa wọn ìfúnpá ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ léraléra, torí bí ó bá ga lójijì, oògùn bíi captopril tí wọ́n bá tètè lò lè gba ẹ̀mí là. Ó ṣọ̀wọ́n kí ẹnìkan ní méjì pọ̀ nínú àwọn mẹ́ta yìí.

Ṣùgbọ́n ta ni wọ́n ń bi ní ìbéèrè? Ní 1997, Eng Tan àti àwọn onímọ̀ láti orílẹ̀-èdè púpọ̀ ṣe àyẹ̀wò ANA fún àwọn tí ara wọn le. Nígbà tí wọ́n bomi là á dé ìdá kan nínú 40, ìmọ́lẹ̀ tàn lára ìdá 31.7 nínú ọgọ́rùn-ún wọn. Nígbà tí wọ́n dé ìdá kan nínú 160, ìdá 5 nínú ọgọ́rùn-ún ṣì ń tàn. Ká ní wọ́n wá kó 100,000 àgbàlagbà jọ lójú pópó, tí 20 nínú wọn ní scleroderma, tí àyẹ̀wò sì rí 19 nínú 20 náà. Lára àwọn tí kò ní in, nǹkan bí 5,000 yóò tàn pẹ̀lú. Ẹni tó bá mú ìwé èsì kan láàrin wọn láìwo ojú ẹni tó ni ín, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ dájú pé ẹni tí kò ní àrùn náà ló mú. Àyẹ̀wò kan náà, bí wọ́n bá ṣe é fún ẹni tí ìka rẹ̀ ń kú nínú òtútù, tí ọwọ́ rẹ̀ wú bí ẹ̀wà tó rin, ìtumọ̀ rẹ̀ yí padà pátápátá. Èsì kò yí, ìwọ̀n òótọ́ inú rẹ̀ ló yí. Àwọn tó ń ta àpapọ̀ àyẹ̀wò fún ẹni tí ohunkóhun kò ṣe kì í sábà sọ apá yìí.

Àwọn ẹgbẹ́ dókítà náà ti fi òfin gbé ọ̀rọ̀ yìí kalẹ̀. Ìlànà tí wọ́n ṣe ní Amẹ́ríkà ní 1980 kò ka áńtíbọ́dì sí rárá. Awọ àti ẹ̀dọ̀fóró ló ń wò. Ní 2013, ACR ti Amẹ́ríkà àti EULAR ti Yúróòpù pawọ́ pọ̀ ṣe èyí tuntun, tí wọ́n ń ka máàkì. Máàkì 9 ló gba ènìyàn wọlé. Bí awọ ìka ọwọ́ méjèèjì bá le kọjá oríkèé tó so ìka mọ́ ọwọ́, ó ti pé 9 lẹ́ẹ̀kan náà. Ọ̀ràn ìka tí Raynaud ṣàpèjúwe gba 3, áńtíbọ́dì gba 3, òpójẹ̀ wínníwínní ìdí èékánná tó bàjẹ́ gba 2. Ẹni tó ní mẹ́tẹ̀ẹ̀ta yìí ti ní 8. Kò tíì wọlé. Bí ìka rẹ̀ bá wú lọ́la, ó di 10, ó sì ti di ẹni tó ní scleroderma. Kò sí ẹni tó lè sọ pé òru ọjọ́ kan ṣoṣo náà ni àrùn wọ inú rẹ̀. Àwọn tó ṣe ìlànà náà mọ̀ bẹ́ẹ̀: wọ́n kọ ọ́ pé kíkó ènìyàn jọ fún ìwádìí ni wọ́n ṣe é fún, pé kì í ṣe ohun tí dókítà yóò fi dájọ́ aláìsàn. Àmọ́ ohun tí wọ́n bá fi nọ́ńbà sí máa ń tètè di òfin.

Àyípo kan sì wà nínú rẹ̀ tó yẹ kéèyàn kíyè sí. Nígbà tí áńtíbọ́dì ti di ara ohun tí wọ́n fi ń pe àrùn lórúkọ, ìwádìí tó bá wá sọ pé àyẹ̀wò náà ń rí ọ̀pọ̀ jù lọ àwọn tó ní àrùn ti fẹ́rẹ̀ẹ́ jọ ọ̀rọ̀ ẹni tó fi ara rẹ̀ ṣe ẹlẹ́rìí ara rẹ̀. Ohun tó yọ ọ́ nínú àyípo yìí ni àkókò. Ní Montreal, Martial Koenig àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ tẹ̀ lé ẹni 586 tí ọ̀ràn ìka Raynaud ń ṣe, fún ọ̀pọ̀ ọdún, wọ́n sì tẹ èsì jáde ní 2008. Ẹni 74 nínú wọn ló padà ní scleroderma. Lára àwọn tí áńtíbọ́dì àrùn náà àti òpójẹ̀ èékánná tó bàjẹ́ ti pàdé lára wọn níbẹ̀rẹ̀, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ìdá 80 nínú ọgọ́rùn-ún tó ní in. Èyí ni "dídán an wò" tí àwọn oníṣègùn sọ: ẹ̀jẹ̀ sọ̀rọ̀, wọ́n dúró, ohun tó sọ ṣẹlẹ̀ sí ẹni mẹ́rin nínú márùn-ún.

Ẹni karùn-ún ńkọ́? Ní èdè Yorùbá, "àìsàn" àti "àrùn" kì í ṣe ohun kan náà. Àìsàn ni kí ara má sàn, ẹni tó ń ṣe ló ń mọ̀ ọ́n. Àrùn lè wà lábẹ́lẹ̀ kí onítọ̀hún máa jó nílé ìgbéyàwó. Àyẹ̀wò ẹ̀jẹ̀ ti bí irú ènìyàn kan tí kò sí tẹ́lẹ̀: kò ṣàìsàn, bóyá ló ní àrùn, síbẹ̀ wọn kò lè pè é ní ẹni tí kò sí nǹkan kan lára rẹ̀. Àwọn dókítà Yúróòpù ń pe ipò yìí ní VEDOSS, wọ́n sì ní kí wọ́n máa ṣọ́ irú ẹni bẹ́ẹ̀. Ìṣọ́ náà ní èrè, torí ẹ̀dọ̀fóró tí wọ́n bá tètè tọ́jú sàn ju èyí tó ti le lọ. Ó sì ní owó orí tirẹ̀: ẹni karùn-ún yóò máa wo ìka ara rẹ̀ láràárọ̀ fún ohun tí kò ní dé. Kò sí bí wọ́n ṣe lè dá a mọ̀ nínú márùn-ún lọ́jọ́ tí wọ́n fún wọn ní èsì.

Bóyá ara ṣe àṣìṣe rárá kò tilẹ̀ dájú mọ́. Ní 2014, àwọn onímọ̀ ní Yunifásítì Johns Hopkins, ní Baltimore kan náà tí Henrietta Lacks ti kú, yẹ jẹjẹrẹ àwọn ẹni 16 tó ní scleroderma wò. Mẹ́jọ nínú wọn ní áńtíbọ́dì RNA polymerase III. Nínú jẹjẹrẹ mẹ́fà lára mẹ́jọ yìí, àbùdá tó ń ṣe purotéènì tí áńtíbọ́dì náà ń lẹ̀ mọ́ gan-an ti bàjẹ́. Wọn kò rí irú rẹ̀ lára àwọn mẹ́jọ yòókù. Ó jọ pé jẹjẹrẹ ni ara rí, pé òun ló gbógun tì, kí ọta tó bẹ̀rẹ̀ sí í ba onílé. Bí ó bá rí bẹ́ẹ̀, ìbínú ara kì í ṣe wèrè láti ìbẹ̀rẹ̀; ó mọ ọ̀tá, ó ṣi ààlà ni. Áńtíbọ́dì a wá di ẹlẹ́rìí ọ̀ràn mìíràn tí wọn kò bi í. Ohun tí ẹnìkan kò tíì fi hàn kedere ni pé áńtíbọ́dì wọ̀nyí fúnra wọn ló ń mú awọ le. Inú kóró sẹ́ẹ̀lì ni ohun tí wọ́n ń wá wà, níbi tí áńtíbọ́dì kì í sábà dé.

Àwọn kan wà tí ẹ̀jẹ̀ wọn kò lè jẹ́rìí mọ́. Paul Klee, gbajúgbajà ayàwòrán, bẹ̀rẹ̀ àìsàn ní 1935, ó sì kú ní Switzerland ní June 1940. Awọ ojú rẹ̀ fún, oúnjẹ kì í lọ lọ́nà ọ̀fun rẹ̀. Síbẹ̀ ní 1939 nìkan, iṣẹ́ tó ṣe lé ní 1,200. Lẹ́yìn ikú rẹ̀ ni àwọn dókítà tó fi lẹ́tà, fọ́tò àti ọ̀rọ̀ ẹbí ṣe ẹlẹ́rìí sọ pé scleroderma ni. Kò sí ẹ̀jẹ̀, kò sí awọ tí wọ́n gé sábẹ́ máíkírósíkóòpù. Ó dá ọ̀pọ̀ lójú. Ní òṣùwọ̀n àwọn oníṣègùn ti Hallen àti Sodipo, ìgbàgbọ́ tó lẹ́sẹ̀ nílẹ̀ ni, tí kò ní di ìmọ̀ láé.

Ti àwọn aláwọ̀ dúdú tó wà láàyè yàtọ̀. Ní Amẹ́ríkà, ìwádìí ti fi hàn léraléra pé àrùn náà sábà máa ń tètè mú wọn, ó sì máa ń dé ẹ̀dọ̀fóró wọn gidi, pé áńtíbọ́dì centromere ṣọ̀wọ́n lára wọn ju lára òyìnbó, pé èyí tó ń lẹ̀ mọ́ fibrillarin, tí wọ́n tún ń pè ní U3-RNP, sì wọ́pọ̀ lára wọn ju lára òyìnbó lọ. Àwọn ọmọ Nàìjíríà náà ń ní scleroderma: Adelowo àti Oguntona tẹ ìwádìí jáde lórí àwọn aláìsàn níbí ní 2009. Áńtíbọ́dì fibrillarin kò sí lára mẹ́ta tí ìlànà 2013 ń fún ní máàkì, ọ̀pọ̀ láàbù kò sì fi í sínú àpapọ̀ àyẹ̀wò tí wọ́n ń tà. Ẹni tó ní in, ANA rẹ̀ á tàn, á tàn ní ojúkò bíi mélòó kan nínú kóró sẹ́ẹ̀lì. Wọ́n á wá Scl-70, kò sí. Wọ́n á wá centromere, kò sí. Wọ́n á wá RNA polymerase III, kò sí. Ìwé èsì á dé ọwọ́ dókítà pẹ̀lú "negative" mẹ́ta lórí rẹ̀. Bí dókítà náà bá di ìka aláìsàn mú, yóò rí i pé awọ rẹ̀ kò ṣeé gbá jọ.